Ilẹ̀kùn Funfun ní Mọ́lípà

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan ni wọ́n wá kun ilẹ̀kùn Moṣọpẹ́. Ọkùnrin méjì ni wọ́n, wọ́n gbé garawa ọ̀dà funfun kan àti búrọ́ọ̀ṣì méjì wá, wọn kò sì kánjú. Wọ́n kun ilẹ̀kùn iwájú, wọ́n kun ti ẹ̀yìn, wọ́n wá kun géètì kékeré tó dojú kọ títì. Moṣọpẹ́ dúró sí pálọ̀, ó ń gbọ́ òórùn ọ̀dà náà. Nígbà tó bi wọ́n bóyá wọ́n á mu omi, èyí tó dàgbà nínú wọn wò ó fìrí, ó sì gbé ojú kúrò. Ìgbà yẹn ló yé e pé ó ti bẹ̀rẹ̀.

Ẹni ọdún mẹ́tàdínlọ́gọ́ta ni nígbà náà. Timothy ọkọ rẹ̀, tó jẹ́ akọ̀wé ní kóòtù, ti kú. Ọmọ kan ṣoṣo tí wọ́n bí, Olúyọmí, ń ṣiṣẹ́ ìjọba ní Abẹ́òkúta. Òun fúnra rẹ̀ ti fi ọdún mọ́kàndínlógún kọ́ àwọn ọmọbìnrin ní ìṣirò, kí Òfin Ilé tó dé, tó ní kí gbogbo obìnrin tó ń ṣiṣẹ́ oṣù kọ̀wé fi iṣẹ́ sílẹ̀, kí wọ́n lọ jókòó ti ọkọ àti ọmọ.

Ẹgbẹ́ Ìgbọràn ló ṣe òfin náà. Àwọn ni Òyìnbó gbé ilẹ̀ yìí lé lọ́wọ́ nígbà tí wọ́n ń lọ, àwọn náà kò sì gbé e fún ẹnikẹ́ni mọ́ láti ìgbà náà wá. Àwòrán Aṣáájú wà ní gbogbo ọ́fíìsì. Bí Aṣáájú kan bá kú, wọ́n á gbé òmíràn kọ́ sí orí ìṣó kan náà. Lábẹ́ wọn, ọmọbìnrin kì í kàwé kọjá Fọ́ọ̀mù Kẹta. Obìnrin kì í ní nọ́ńbà fóònù lórúkọ ara rẹ̀. Orúkọ bàbá, ọkọ tàbí ọmọkùnrin rẹ̀ ló gbọ́dọ̀ wà lórí rẹ̀. Bó bá sì fẹ́ gbé ní ìlú mìíràn ju ọjọ́ mẹ́ta lọ, ọkùnrin kan nínú ẹbí gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí ìwé fún un.

Ohun tí Moṣọpẹ́ ṣe kò ju pé ó gbé ẹ̀rọ ìránṣọ kan sí ẹnu ọ̀nà kíṣìnnì rẹ̀, tó sọ fún àdúgbò pé òun ń kọ́ àwọn ọmọbìnrin márùn-ún ní iṣẹ́ télọ̀, tó sì ń kọ́ wọn ní ìṣirò tó ní x àti y nínú. Bàbá ọ̀kan nínú wọn rí ìwé ọmọ rẹ̀ lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì. Nígbà tí wọ́n pè é síwájú ìgbìmọ̀, wọ́n bi í bóyá ó ti kọ́ ẹlòmíràn rí yàtọ̀ sí àwọn márùn-ún yìí. Ó ní rárá. Irọ́ ni. Wọ́n fún un ní ọdún mẹ́ta Àìkí.

Òfin Àìkí kò ju ojú ewé kan lọ. Ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ kí ẹni tí ilẹ̀kùn rẹ̀ bá funfun. Ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ bá a sọ̀rọ̀. Bí òun bá kí ènìyàn, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ dá a lóhùn. Wọn kò tì í mọ́lé, wọn kò sì nà án. Wọ́n fi í sílẹ̀ nínú ilé rẹ̀ ní Mọ́lípà, láàárín àwọn tó mọ̀ ọ́n, kó máa rìn, kó máa ra nǹkan, kó máa lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì bó bá wù ú.

Ní Ìjẹ̀bú-Òde, ènìyàn kì í rìn láti ilé dé ẹnu títì kó má kí tó ènìyàn mẹ́wàá. Ní ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́, ẹnu Moṣọpẹ́ kò tíì gbọ́ pé nǹkan ti yí padà. Ó rí ìyàwó Gilbert oníbúrẹ́dì tó lóyún, tó sì fa ọmọ lọ́wọ́, ó ní, “Ẹ káàárọ̀ o, ọmọ ńkọ́?” Ṣe ni obìnrin náà dúró gbagidi. Ojú rẹ̀ kún fún omi, ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó sì sá gba ojú ọ̀nà kejì. Láti ọjọ́ náà ni Moṣọpẹ́ ti pa ẹnu rẹ̀ mọ́. Àánú wọn ló ń ṣe é.

Bó bá fẹ́ ra nǹkan, á kọ ọ́ sínú ìwé pélébé, á nà án sí ẹni tó ń tà. Bó bá wọ kẹ̀kẹ́, á kọ ibi tó ń lọ. Ní ṣọ́ọ̀ṣì, òun nìkan ló ń jókòó lórí bẹ́ǹṣì tó lè gba ènìyàn mẹ́fà, nígbà tí àlùfáà bá sì ní kí wọ́n bọ ara wọn lọ́wọ́, á ṣí ìwé orin, á máa kà á bí ẹni tí kò gbọ́. Olúyọmí kò kọ̀wé. Ní Kérésìmesì àkọ́kọ́, dírẹ́bà kan gbé àpò ìrẹsì kan àti kẹ́ẹ̀gì òróró kan wá láti Abẹ́òkúta, ó gbé wọn sí ẹnu géètì, ó sì lọ. Moṣọpẹ́ tú àpò ìrẹsì náà dé ìsàlẹ̀, bóyá ìwé kan wà nínú rẹ̀. Kò sí.

Ọjọ́ Ajé àkọ́kọ́ nínú oṣù ni Matilda máa ń wá. Ìyá Òpópónà ni wọ́n ń pe irú ipò rẹ̀, obìnrin tí Ẹgbẹ́ yàn láti máa ṣọ́ àwọn obìnrin títì kọ̀ọ̀kan. Òun àti Moṣọpẹ́ ti jọ ṣe tíṣà ní ilé ìwé kan náà. Jọ́gíráfì ni Matilda ń kọ́, tábìlì kan ni wọ́n sì jọ ń lò. Nísinsìnyí á wé gèlè aláwọ̀ ilẹ̀ tí Ẹgbẹ́ fún un, á fọwọ́ kan ọ̀dà ilẹ̀kùn náà láti mọ̀ bóyá ẹnikẹ́ni ti ha á, á kọ nǹkan sínú ìwé rẹ̀, á sì yí padà. Kò wo ojú Moṣọpẹ́ lẹ́ẹ̀kan.

Ẹnì kan ṣoṣo ló rí ọgbọ́n dá sí i. Kúbúrátù, tí gbogbo àdúgbò ń pè ní Ìyá Síkírù, ni aládùúgbò tí ilé rẹ̀ tẹ̀ lé ti Moṣọpẹ́. Ògiri búlọ́ọ̀kù kan ló la àgbàlá wọn. Abọ́ ló ń tà ní ọjà Òkè-Ajé, pẹ̀lú ìwé tí Síkírù ọmọ rẹ̀ fọwọ́ sí. Hafeezah, ọmọ ọmọ rẹ̀ tí ìyá rẹ̀ ti kú, ló ń gbé lọ́dọ̀ rẹ̀. Fún oṣù méjì àkọ́kọ́, Kúbúrátù náà kò sọ nǹkan kan. Ó wá di àárọ̀ ọjọ́ kan, Moṣọpẹ́ ń fọ aṣọ lẹ́yìnkùlé, ó gbọ́ ohùn rẹ̀ lódìkejì ògiri.

“Ewúrẹ́ yìí, mo kí ọ o. Ṣé o sùn dáadáa? Ẹsẹ̀ tó ń dùn ọ́ ńkọ́?”

Ẹsẹ̀ Moṣọpẹ́ ló ń dùn ún láti ọ̀sẹ̀ tó kọjá, tó ń tiro lọ sí ọjà. Ó fi aṣọ tó ń fọ̀ sílẹ̀.

“Epo gbígbóná ni kí o fi pa á, ewúrẹ́, kí o sì jókòó. O ti ń rìn jù. Wọ́n sì bímọ nílé Gilbert, ọmọbìnrin ni. Bàbá rẹ̀ ní kò burú, ṣùgbọ́n ojú rẹ̀ kò sọ bẹ́ẹ̀. Ó dàárọ̀ ọ̀la.”

Moṣọpẹ́ fi etí ìró rẹ̀ bo ẹnu. Kò mọ̀ bóyá ẹ̀rín ni tàbí ẹkún. Láti ọjọ́ náà, ó gbé àpótí kan sí ìdí ògiri, ibẹ̀ ló sì ń jókòó láràárọ̀. Ewúrẹ́ gbọ́ pé gààrí ti wọ́n. Ewúrẹ́ gbọ́ pé òjò ń bọ̀, kó ká aṣọ rẹ̀ wọlé. Ewúrẹ́ gbọ́ bí ọkọ kan ní Ìbẹ̀fún ṣe kọ̀ láti fọwọ́ sí ìwé kí ìyàwó rẹ̀ lọ wo ìyá rẹ̀ tó ń ṣàìsàn, tí obìnrin náà sì fi ẹsẹ̀ rìn lọ. Moṣọpẹ́ kì í dáhùn. Kìkì pé bí ọ̀rọ̀ bá parí, á fi ife kan garawa lẹ́ẹ̀kan, kí ẹni tó wà lódìkejì mọ̀ pé òun wà níbẹ̀.

Matilda gbọ́ nípa rẹ̀. Moṣọpẹ́ ń gbọ́ láti ìdí ògiri nígbà tó wá bi í.

“Ìyá Síkírù, wọ́n ní ẹ ń sọ̀rọ̀ lójoojúmọ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri yìí.”

“Ewúrẹ́ mi ni mò ń bá sọ̀rọ̀. Ṣé ọ̀rọ̀ ewúrẹ́ wà nínú òfin yín ni?”

Moṣọpẹ́ gbọ́ ẹsẹ̀ Matilda tó ń lọ.

Báyìí ni ọdún kan ṣe kọjá, tí èkejì tẹ̀ lé e. Nígbà tó ku oṣù mẹ́rin kí ọdún mẹ́ta pé, Kúbúrátù bẹ̀rẹ̀ sí í wúkọ́. Ọ̀rọ̀ ewúrẹ́ kúrú. Ní Ọjọ́bọ̀ kan, Moṣọpẹ́ kò gbọ́ nǹkan kan. Ọjọ́ Ẹtì náà, bẹ́ẹ̀. Moṣọpẹ́ fi ife kan garawa títí apá fi ń ro ó. Ní àárọ̀ Sátidé, ó gbọ́ igbe Hafeezah, ó sì mọ̀.

Wọ́n sin Kúbúrátù ní ọ̀sán ọjọ́ náà gẹ́gẹ́ bí ìlànà Mùsùlùmí. Moṣọpẹ́ jókòó sórí àpótí rẹ̀, ó ń gbọ́ ẹsẹ̀ àwọn tó ń wọlé, tó ń jáde. Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, ó wọ aṣọ dúdú, ó ṣí géètì funfun rẹ̀, ó sì wọ ilé kejì lọ.

Àwọn obìnrin kún pálọ̀, wọ́n jókòó lórí ẹní. Matilda wà lórí àga lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn. Bí wọ́n ṣe rí ẹni tó wọlé, gbogbo ọ̀rọ̀ dá dúró. Moṣọpẹ́ kúnlẹ̀ sí ẹnu ọ̀nà.

“Ẹ kú ọ̀fọ̀ o,” ló wí. Ohùn rẹ̀ ti há, ó dà bí ohùn ẹlòmíràn. “Ẹ kú àṣẹ̀yìndè. Ọlọ́run á tẹ́ Ìyá Síkírù sí afẹ́fẹ́ rere.”

Ẹnikẹ́ni kò dáhùn. Gbogbo wọn wo ilẹ̀. Ó mọ̀ pé bí yóò ṣe rí nìyẹn. Ó ti sọ ohun tó wá sọ. Ó dìde láti máa lọ.

“Àmín, Mà,” ni ohùn kan wí.

Hafeezah ni. Ó wà ní igun yàrá, ó so gèlè dúdú mọ́rí, ojú rẹ̀ wú. Ẹni ọdún mọ́kànlélógún ni. Òun ni ẹni kẹfà tí Moṣọpẹ́ kò dárúkọ fún ìgbìmọ̀, ẹni tó kọ́kọ́ wá bá a pẹ̀lú ìwé, ọdún méjì kí àwọn márùn-ún tó wá.

Moṣọpẹ́ mi orí sí i pé kó dákẹ́. Hafeezah kò dákẹ́. Ó gbé àga kan láti inú yàrá, ó gbé e síwájú rẹ̀.

“Ẹ ṣé tí ẹ wá. Ẹ jókòó, Mà.”

Ó yẹ kó jáde ní ìṣẹ́jú yẹn. Ó mọ̀ bẹ́ẹ̀ nígbà náà, ó sì mọ̀ bẹ́ẹ̀ ní gbogbo ọjọ́ tó tẹ̀ lé e. Ṣùgbọ́n ó ti di ọdún méjì àti oṣù mẹ́jọ tí ẹnikẹ́ni ti wo ojú rẹ̀ tó sì sọ̀rọ̀. Ó jókòó. Hafeezah jókòó sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀, ó sọ fún un bí ìyá àgbà ṣe kú, pé ó béèrè omi, pé ó mu díẹ̀, pé ó ní kí wọ́n ṣí fèrèsé ẹ̀yìn. Moṣọpẹ́ bi í léèrè, ó dáhùn. Moṣọpẹ́ tún bi í. Wọ́n sọ̀rọ̀ bíi ìdajì wákàtí. Àwọn obìnrin ń dìde lọ́kọ̀ọ̀kan, wọ́n ń jáde láìwo ẹ̀yìn. Matilda ló kẹ́yìn wọn. Ó ti ṣí ìwé rẹ̀.

Kí ọ̀sẹ̀ tó parí, ìdájọ́ dé. Wọ́n fi ọdún kan kún ti Moṣọpẹ́. Wọ́n fún Hafeezah ní ọdún méjì, wọ́n sì ní ilẹ̀kùn funfun méjì kò gbọdọ̀ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn. Síkírù mú un lọ sí Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀, sínú ilé tí bàbá Kúbúrátù fi sílẹ̀, ibẹ̀ ni wọ́n sì ti kun ilẹ̀kùn fún un. Síkírù ta ewúrẹ́, ó ti ilé pa, ó sì padà sí ìdí òwò rẹ̀.

Ọdún tó tẹ̀ lé e ló gùn jù fún Moṣọpẹ́. Kò sí ohùn lódìkejì ògiri. Nígbà mìíràn, á fẹ́ pe nǹkan kan lórúkọ, àwo tàbí síbí, ọ̀rọ̀ náà kò ní wá. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í ka Sáàmù sókè kí ẹnu rẹ̀ má baà kú, ṣùgbọ́n bó bá ti gbọ́ ohùn ara rẹ̀ nínú ilé tó ṣófo, ó ń dẹ́rù bà á, á sì dákẹ́. Ó ń rí Hafeezah lójú inú rẹ̀, ọmọ tó fẹ́ràn ọ̀rọ̀ sísọ, nínú ilé àjèjì. Àga yẹn ni kò kúrò lọ́kàn rẹ̀. Ìwọ lo jókòó, ló ń wí fún ara rẹ̀. Ebi ọ̀rọ̀ ń pa ọ́, o sì jẹ ọdún méjì ọmọ ọlọ́mọ.

Ìgbà tó pé, àwọn ọlọ́dà padà wá. Wọ́n kun ilẹ̀kùn ní àwọ̀ ilẹ̀.

“Ẹ káàárọ̀, Mà,” ni àgbàlagbà inú wọn wí, bí ẹni pé àná ni wọ́n ríra.

Moṣọpẹ́ la ẹnu. Ó tó ìṣẹ́jú kan kí ohùn tó jáde.

Ní ọ̀sán, Matilda wá. Kò wé gèlè Ẹgbẹ́. “Moṣọpẹ́, kú ọjọ́ mẹ́ta.”

“Matilda.”

“Obìnrin mẹ́tàlélógún ló wà nínú yàrá yẹn. Bí mi ò bá kọ ọ́, ẹlòmíràn á kọ ọ́, á sì kọ orúkọ mi mọ́ ọn.”

“Mo mọ̀.”

“Ṣé o ti dárí jì mí?”

Moṣọpẹ́ ronú sí i. “Mi ò tíì mọ̀,” ló wí. “Ó ti pẹ́ tí mo ti bá ènìyàn sọ̀rọ̀. Fún mi láyè.”

Ní ọjọ́ kejì, ó wọ ọkọ̀ lọ sí Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀. Kò ṣòro láti mọ ilé náà. Hafeezah ń gbá iwájú ilé. Ó ti rù, ó sì ń gbálẹ̀ bí arúgbó. Nígbà tó gbé orí sókè tó rí ẹni tó dúró lójú ọ̀nà, ìgbálẹ̀ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Moṣọpẹ́ la ẹnu láti kí i. Kíákíá ni Hafeezah mi orí, ó gbé ọwọ́ méjèèjì sókè bí ẹni tó ń bẹ̀bẹ̀, ó sì sá wọlé. Moṣọpẹ́ rántí òfin náà. Ẹni tó wà lábẹ́ Àìkí tí wọ́n bá bá ẹnu rẹ̀ nínú ọ̀rọ̀, ọdún kan ni wọ́n ń fi kún un. Oṣù mẹ́jọ ló kù fún ọmọ náà. Ó padà sí gáréèjì láìsọ nǹkan kan.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, ó pe Olúyọmí ní Abẹ́òkúta.

“Mummy,” ni Olúyọmí wí. Moṣọpẹ́ ń gbọ́ bó ṣe ń sunkún.

“Má sunkún mọ́. Mo fẹ́ kí o fọwọ́ sí ìwé fún mi. Mo fẹ́ lọ gbé ní Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀ fún ọdún kan.”

“Kí lẹ fẹ́ ṣe níbẹ̀?”

“Mo fẹ́ máa wo ẹnì kan.”

“Mummy, ẹ jọ̀ọ́. Wọ́n tún máa mú yín.”

“Wíwò kò sí nínú òfin. Mo ti kà á dáadáa.”

Ìwé náà dé lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́jọ. Ó ti fọwọ́ sí i. Lọ́tẹ̀ yìí, ó kọ ìlà kan sí ẹ̀yìn rẹ̀: *Ẹ má bínú sí mi, Mummy.* Moṣọpẹ́ kà á lẹ́ẹ̀mẹta, ó sì ká a sínú Bíbélì.

Ó gba yàrá kan lọ́dọ̀ Ràmọ́tà, ìyá arúgbó kan tó ń ṣe gààrí, tí ilé rẹ̀ dojú kọ ilé tí Hafeezah wà. Láràárọ̀, á gbé àga sí fàráńdà, á máa bá ìyá náà bẹ ẹ̀gẹ́. Bí Hafeezah bá jáde wá gbálẹ̀, àwọn tó ń kọjá á gbé ojú sí ẹ̀gbẹ́ kan, gẹ́gẹ́ bí gbogbo ènìyàn ti máa ń ṣe. Moṣọpẹ́ kì í gbé ojú kúrò. Á wò ó láti ìgbà tó bá ti jáde títí á fi wọlé.

Fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, Hafeezah kò wo ọ̀dọ̀ rẹ̀. Ẹ̀rù ń bà á, tàbí inú ń bí i. Moṣọpẹ́ kò mọ èyí tó jẹ́, kò sì sí bí yóò ṣe béèrè. Ní ọ̀sẹ̀ kẹrin, ọmọ náà fi ọwọ́ lé ìgbálẹ̀, ó gbójú sókè, ó sì wò ó. Wọ́n wo ara wọn báyìí fún ìgbà díẹ̀, títì wà láàárín wọn, ọ̀kadà ń kọjá. Kò rẹ́rìn-ín. Ó padà sídìí ilẹ̀ gbígbá. Ní ọjọ́ kejì, ó tún wò ó.

Ràmọ́tà, tí kò fẹ́ràn ọ̀rọ̀ púpọ̀, bi í lọ́jọ́ kan pé, “Ọmọ yín ni?”

“Rárá, Mà,” ni Moṣọpẹ́ wí, ó sì ń bá iṣẹ́ rẹ̀ lọ.

Ọjọ́ tí oṣù mẹ́jọ pé, Síkírù gbé mọ́tò wá láàárọ̀, àwọn ọlọ́dà kò tíì kun ilẹ̀kùn tán. Hafeezah jáde pẹ̀lú báàgì kan. Kò wọ inú mọ́tò. Ó sọdá títì, ó kúnlẹ̀ síwájú Moṣọpẹ́ láàárín èèpo ẹ̀gẹ́.

“Ẹ káàárọ̀, Mà.” Ohùn rẹ̀ náà ti há.

“Káàárọ̀, ọmọ mi. Kú ìrọ́jú. Kú ìfaradà.”

“Mo rí yín ní gbogbo ọjọ́. Àwọn ọjọ́ kan, mo fẹ́ kí ẹ lọ. Bí mo bá ti rí yín, mo máa ń rántí ẹnu mi.”

“Èmi ló yẹ kí n bẹ̀ ọ́. Ó yẹ kí n dìde lọ́jọ́ yẹn. Mo jókòó.”

“Èmi ni mo gbé àga, Mà,” ni Hafeezah wí.

Síkírù fun fèrè mọ́tò. Moṣọpẹ́ bi í níbi tó ń lọ. Hafeezah wo ẹ̀yìn rẹ̀, ó sì mi orí; wọ́n ti ní kó má sọ ọ́ fún ẹnikẹ́ni. Moṣọpẹ́ mọ̀ pé àwọn ọmọbìnrin kan ń gba ọ̀nà ìgbẹ́ lọ sí Kùtọnù, níbi tí obìnrin ti lè kàwé. Kò béèrè mọ́. Ó gbé ọmọ náà dìde, ó gbọn èèpo ẹ̀gẹ́ kúrò lórí eékún rẹ̀, ó sì jẹ́ kó lọ.

Ó ko ẹrù rẹ̀ ní ọ̀sán ọjọ́ náà. Bó ṣe ń so báàgì, ó rí i pé kò sí ẹnì kan tó ń dúró dè é ní Mọ́lípà, ìwé tí Olúyọmí fọwọ́ sí sì ṣì ku oṣù mẹ́rin. Ó tú ẹrù náà. Ràmọ́tà kò bi í ní ìdí. Ó kàn ti agbọ̀n ẹ̀gẹ́ sí ọ̀dọ̀ rẹ̀.

Ìyẹn ti tó ọdún kan ààbọ̀. Olúyọmí ti fọwọ́ sí ìwé mìíràn lẹ́ẹ̀mejì. Ní Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀, wọ́n ń kí Moṣọpẹ́ bó bá ń kọjá, á dáhùn, á béèrè ará ilé wọn, kò sì ní ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹnì kan tó ń sin adìẹ ti gba ilé tí Hafeezah fi sílẹ̀. Lẹ́tà kankan kò tíì dé láti ọ̀dọ̀ Hafeezah.